Àwọn Kristang ìlú Melaka: ṣé Potogí ni wọ́n lóòótọ́?

Ìbéèrè òǹkàwé

Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin ará. Àbúrò mi tó ń kàwé ní Màléṣíà fi fídíò kan ránṣẹ́ sí mi. Ìlú kan tó ń jẹ́ Melaka ló ṣeré lọ. Ó bá àwọn èèyàn kan níbẹ̀: àwọ̀ ẹlòmíì bíi ti ará Íńdíà, ojú ẹlòmíì bíi ti ará Ṣáínà, àwọn míì ò sì yàtọ̀ sí àwọn Màléè tó yí wọn ká. Gbogbo wọn ló ń sọ pé Potogí làwọn! Ẹ wá gbọ́ orúkọ wọn: de Souza, Pinto, Monteiro. Èmi tí mò ń bá yín sọ̀rọ̀ yìí, de Souza ni bàbá tó bí ìyá mi, Pópó Àgùdà l'Ékòó la ti wá, mi ò sì gbọ́ kí bàbá náà pe ara wọn ní Potogí lọ́jọ́ kan. Ṣé kì í ṣe pé àwọn yẹn kàn ń fi orúkọ gba owó lọ́wọ́ àlejò? Tó bá sì jẹ́ òótọ́, ṣé Pọ́túgà ń fún wọn ní páálí? Ẹni tó bá mọ̀, kó dákun là wá lọ́yẹ̀.

*

Ẹ jẹ́ kí n tètè fèsì kí àwọn tó máa ń mọ gbogbo nǹkan tó dé. Mo gbé Melaka fún ọdún mẹ́ta. Láti ilé tí mo háyà, bí ẹ bá rìn fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá, ẹ ti dé àdúgbò àwọn èèyàn yìí ní Ujong Pasir. Kristang ni wọ́n ń jẹ́. Ẹlẹ́tàn kọ́ ni wọ́n.

Ní 1511 ni Afonso de Albuquerque kó ọkọ̀ ogun wá, tó gba Melaka lọ́wọ́ súlútánì tó ń jọba lé e lórí, torí pé ẹnu ọ̀nà tóóró tí òwò kànáfùrù ń gbà kọjá ni ìlú náà wà. Pọ́túgà jìnnà, ọmọ ogun ò pọ̀, obìnrin wọn ò sì bá wọn wá. Albuquerque bá ní kí àwọn ọkùnrin òun máa fẹ́ ọmọ ìlú. Ibẹ̀ ni ìran náà ti ṣẹ̀. Ọdún 130 ni Potogí lò níbẹ̀ kí àwọn ará Hólándì tó lé wọn jáde ní 1641. Àwọn tó rí towó ṣe bá ẹsẹ̀ wọn sọ̀rọ̀. Àwọn apẹja ò ríbi lọ, wọ́n jókòó sínú ìyà. Hólándì fi òfin de ìsìn Àgùdà, wọ́n wá ń gbàdúrà ní kọ̀rọ̀. Àwọn ọmọ ìjọ lásán ni wọ́n fọwọ́ ara wọn gbé ìjọ ró nígbà tí kò sí àlùfáà, ẹgbẹ́ wọn tó ń jẹ́ Irmang di Greza ṣì wà títí dòní. Nígbà tí òfin náà dẹ̀ díẹ̀ ni wọ́n kọ́ ṣọ́ọ̀ṣì St. Peter, ní 1710. Mo ti gba Mísà níbẹ̀ ju ẹ̀ẹ̀kan lọ.

Gẹ̀ẹ́sì gba ìlú náà pátápátá ní 1824. Òmìnira dé ní 1957. Ìjọba ń wá, ìjọba ń lọ, àwọn ń dẹdò.

*

Mo rí i pé ẹnìkan ti ń ṣe ìṣirò ẹ̀jẹ̀ fún wa. Ó ní láti 1511, ìran bí ogún ti kọjá, pé bí èèyàn bá ń fẹ́ ọmọ ìlú ní ìran kọ̀ọ̀kan, ẹ̀jẹ̀ Potogí tó kù lára wọn ò lè yó ẹ̀fọn. Àwọn mẹ́rin ti gbè é lẹ́yìn, wọ́n ń rẹ́rìn-ín.

Ìṣirò náà dáa, ẹ̀jẹ̀ nìkan kọ́ ni wọ́n ń sọ ni. Ní àdúgbò yẹn, ẹ máa bá ẹni tó ń jẹ́ Danker àti ẹni tó ń jẹ́ Overee, orúkọ Hólándì. Ẹ máa bá ẹni tí orúkọ rẹ̀ jẹ́ ti Gẹ̀ẹ́sì. Ọmọ Hólándì tó fẹ́ obìnrin Kristang ní ayé ìgbà yẹn, ilé ìyá ni àwọn ọmọ rẹ̀ ti gbọ́ èdè, ṣọ́ọ̀ṣì ìyá ni wọ́n sì bá lọ. Kristang náà ni wọ́n. Àwọn tó wá lé Potogí lọ ni àwọn ọmọ wọn padà di Potogí!

Ohun tó kàn yé mi nígbà tí mo gbọ́ ìtumọ̀ orúkọ yẹn ni pé kò yẹ kó ya ọmọ Yorùbá lẹ́nu. Kristang túmọ̀ sí Kristẹni. Òun ni orúkọ ìsìn, òun ni orúkọ àwọn èèyàn, òun náà ni orúkọ èdè wọn. Àwa ńkọ́? Tí mo bá ní "Àgùdà ni bàbá yẹn," ṣé ìjọ tó ń lọ ni mò ń sọ, àbí ìran tó ti Bahia ní Brazil dé? Ẹ ò lè mọ̀, àfi tí ẹ bá bi mí. Àwọn Màléè náà ní orúkọ tí wọ́n ń pè wọ́n, Serani, láti ara Nasrani, ará Násárẹ́tì. Ẹni tó bá ti gbé lókè ọya mọ ẹ̀gbọ́n ọ̀rọ̀ yẹn dáadáa: Nàsárà tí Hausa ń pe òyìnbó.

*

Ọmọ de Souza tó béèrè, mo ń bọ̀ wá sọ́dọ̀ yín. Ẹnìkan tó pe ara rẹ̀ ní Ọmọ Campos ti ní kí a má fi àwọn Àgùdà Èkó wé wọn rárá, pé ti Èkó, ẹrú ni wọ́n kó lọ, orúkọ olówó ẹrú ni wọ́n gbé bọ̀; ti Melaka, bàbá tó ni orúkọ ló sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀.

Mo fara mọ́ ìdajì rẹ̀. Òótọ́ ni pé àwọn bàbá wa tó padà láti Brazil ní nǹkan bí igba ọdún sí àsìkò yìí, ọmọ ilẹ̀ yìí ni wọ́n, wọ́n ń padà wálé ni. Wọ́n mọ ìlú tí wọ́n ti jí wọn gbé, wọ́n mọ oríkì wọn, wọ́n ń sọ Yorùbá. Kí ni wọ́n máa fi Potogí ṣe? Ṣùgbọ́n ti Melaka náà ò mọ́ tónítóní tó bí Ọmọ Campos ṣe gbé e kalẹ̀. Ẹrú wà ní Melaka. Àwọn tó yí padà di Kristẹni wà níbẹ̀. Lọ́jọ́ ìrìbọmi, orúkọ Potogí ni wọ́n ń sọ wọ́n, orúkọ ọ̀gá tàbí ti bàbá ìsàmì. Nítorí náà, nínú àwọn tó ń jẹ́ de Souza níbẹ̀ lónìí, ẹni tí ọkọ̀ gbé bàbá rẹ̀ dé àti ẹni tí wọ́n bọ́ orúkọ náà sí lọ́rùn, wọ́n ti jọ fẹ́ra wọn títí, kò sí ẹni tó lè yà wọ́n. Kí n sòótọ́, kò sì sí ẹni tó bìkítà níbẹ̀.

*

Ọ̀rọ̀ páálí. Mo mọ̀ pé torí rẹ̀ ni ìdajì yín ṣe ń ka ibí yìí.

Rárá. Òfin Pọ́túgà ń wo òbí àti òbí òbí. Ẹni tí wọ́n bí sí Goa ní Íńdíà kí Íńdíà tó gba Goa ní December 1961, abẹ́ Pọ́túgà ni wọ́n bí i sí, ìwé rẹ̀ wà nílẹ̀, ọmọ rẹ̀ lè lò ó. Ọ̀pọ̀ ará Goa ti fi dé London. Melaka bọ́ lọ́wọ́ Pọ́túgà ní 1641. Ìyá àgbà wo lẹ fẹ́ lọ gba ìwé ọjọ́ ìbí rẹ̀?

Ohun tó ń dùn wọ́n níbẹ̀ ni pé ní 2015, Pọ́túgà ṣílẹ̀kùn fún àtọmọdọ́mọ àwọn Júù tí ọba wọn lé jáde ní nǹkan bí 1496. Òfin náà ti le sí i lẹ́yìn náà, àmọ́ ọ̀pọ̀ ti gba tiwọn. Bàbá kan ní ilé kọfí bi mí pé, "Àwọn tí wọ́n lé, wọ́n ní kí wọ́n padà. Àwa tí wọ́n gbàgbé ńkọ́?" Mi ò ní èsì. Mo ra kọfí kejì fún wọn.

*

Èdè wá ni mo fẹ́ sọ, torí òun ni mo fẹ́ràn jù, ẹni tí kò bá fẹ́ kó fò ó.

Àwọn ará àdúgbò máa ń sọ fún àlejò pé Potogí ayé Albuquerque gan-an làwọn ń sọ, èyí tí àwọn ará Lisbon ti gbàgbé. Ọ̀rọ̀ ìtajà nìyẹn. Papia Kristang, èdè tirẹ̀ lọ́tọ̀ ni. Ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ ti Pọ́túgà wá, ṣùgbọ́n bó ṣe ń rìn, ó jọ Màléè. Ará Lisbon á gbọ́ ọ̀rọ̀ kan níhìn-ín, ọ̀rọ̀ kan lọ́hùn-ún, á wá máa mi orí.

Ó yà mí lẹ́nu pé ó rọrùn fún mi ju Potogí tí mo gbìyànjú láti kọ́ ní yunifásítì lọ. Ọ̀rọ̀ ìṣe kì í yí ìrù padà nítorí ẹni tó ń ṣe é. *Yo ja kumi*: mo ti jẹun. *Yo ta kumi*: mò ń jẹun. *Yo logu kumi*: màá jẹun. Ẹ wò ó, "ti", "ń", "máa", wọ́n to ara wọn síwájú ọ̀rọ̀ ìṣe gẹ́gẹ́ bíi tiwa. Tí wọ́n bá fẹ́ sọ pé nǹkan pọ̀, wọ́n á pè é lẹ́ẹ̀mejì: *kaza* ni ilé, *kaza-kaza* ni àwọn ilé. Orúkọ àdúgbò wọn nínú èdè yìí ni *Padri sa Chang*, ilẹ̀ àlùfáà. Àmọ́ níbí, wọ́n gbé àlùfáà ṣáájú ilẹ̀, òdì kejì bí àwa ṣe ń sọ ọ́, òdì kejì bí Potogí náà ṣe ń sọ ọ́.

Ọjọ́ tí mo gbọ́ *sabeh* ni mo pariwo. Ìyá kan ní òun *ngka sabeh*, òun ò mọ̀. Mo ní, "Mama, ẹ̀yin náà sabi?" Ọ̀rọ̀ Potogí kan náà ló bí méjèèjì, ọ̀kan gba Melaka lọ, èkejì wọ ẹnu àwọn ará etíkun wa. Àwọn Màléè gan-an, tí wọn kì í ṣe Kristẹni, ẹnu wọn kún fún un: *meja* ni tábìlì, *bendera* ni àsíá, *sepatu* ni bàtà, *gereja* ni ṣọ́ọ̀ṣì. Potogí lọ, tábìlì rẹ̀ kù.

Nísinsìnyí, àwọn àgbà ló gbọ́ ọ jù. Gẹ̀ẹ́sì ni àwọn ọmọ ń sọ nílé, Màléè ní ilé ìwé. Ní Singapore, àwọn ọ̀dọ́ kan tí ìran wọn ti Melaka lọ bẹ̀rẹ̀ kíláàsì ọ̀fẹ́ ní 2016, Kodrah Kristang ni wọ́n sọ ọ́, *kodrah* ni kéèyàn jí. Ẹnìkan níbí ti ní àwọn ará Singapore ń kọ́ ọ láti inú ìwé, wọ́n ń dá ọ̀rọ̀ tuntun sílẹ̀, pé àwọn àgbà Melaka ò dá a mọ̀. Kò burú. Ẹ jẹ́ kí wọ́n máa jà lé e lórí. Èdè tí kò sẹ́ni tó ń jà lé lórí mọ́ ni kí ẹ káàánú.

*

Ijó tó wà nínú fídíò yẹn, tí obìnrin wọ yẹ̀rì pupa, tí ọkùnrin wọ fìlà dúdú: tuntun ni. Ọdún 1952 ni mínísítà kan láti Pọ́túgà bẹ ìlú náà wò. Torí rẹ̀ ni wọ́n ṣe kọ́ ijó ìbílẹ̀ Pọ́túgà. Branyo ni ijó tó ti wà tipẹ́, ó sì jọ joget àwọn Màléè débi pé ẹ lè má mọ̀ wọ́n yàtọ̀. Àwọn kan lórí ìjíròrò yìí ti di èyí mú: "Ẹ ò rí i, ayédèrú!" Ẹ jọ̀ọ́, aṣọ òkè tí ẹ fi ṣègbéyàwó lọ́dún tó kọjá, tí wọ́n fi òkúta dídán lẹ̀ mọ́, ṣé bẹ́ẹ̀ ni ìyá àgbà yín ṣe wọ tiwọn?

*

Ẹni tó béèrè oúnjẹ, Ọlọ́run á bù kún un. *Kari debal* ni kí ẹ bi wọ́n. Ata gbígbẹ, ọtí kíkan, hóró músítádì, ata ilẹ̀. Ọjọ́ kejì Kérésì ni wọ́n ń sè é, wọ́n á kó ẹran tó ṣẹ́kù sínú rẹ̀. Àwọn kan ní torí pé ó ta bí èṣù ni wọ́n ṣe sọ ọ́ bẹ́ẹ̀. Àwọn ìyá kan ní irọ́ ni, pé àjẹkù ni *debal* túmọ̀ sí. Mo jẹ ẹ́. Ó ta, kò ta mí. Ìyá tó sè é wò mí títí, ó ní ẹni tó bí mi ṣiṣẹ́.

*

Ó dáa, ẹ jẹ́ ká padà sórí ọ̀rọ̀ "gba owó lọ́wọ́ àlejò" tó wà nínú ìbéèrè, torí ó ń bí mi nínú díẹ̀.

Owó tí orúkọ Potogí mú wá fún wọn, ọwọ́ ìjọba ilẹ̀ wọn ló ti wá, kì í ṣe ọwọ́ àlejò. Ní Màléṣíà, ẹni tí òfin pè ní bumiputera, ọmọ onílẹ̀, ló ní àǹfààní nínú ọ̀pọ̀ nǹkan. Ọ̀kan nínú rẹ̀ ni Amanah Saham Nasional, àpò ìdókòwò kan tó ń pín èrè. Ní 1984, ìjọba gbà kí àwọn tó jẹ́ ìran Potogí fowó síbẹ̀. Láti ọjọ́ yẹn, "ta ni Potogí?" kúrò ní ọ̀rọ̀ ẹnu, ó di ọ̀rọ̀ báńkì. Ẹni tí kò bìkítà tẹ́lẹ̀ ń wá ìwé ìrìbọmi ìyá rẹ̀ kiri. Síbẹ̀, ẹ̀tọ́ bumiputera ní kíkún, wọ́n ṣì ń béèrè fún un. Ọdún 500 lórí ilẹ̀ kan, Kristẹni tí orúkọ rẹ̀ jẹ́ ti òyìnbó, ṣé ọmọ onílẹ̀ ni àbí àlejò? Ẹ bi ara yín kí ẹ tó bi wọ́n.

Ẹnìkan ti fèsì pé kí wọ́n wá orúkọ mìíràn jẹ́, kí wọ́n di Màléè, kí ọ̀rọ̀ parí. Òfin ilẹ̀ náà ní Mùsùlùmí ni Màléè. Kí Kristang di Màléè, ó ní láti fi Kristang sílẹ̀, ẹ sì rántí ohun tí orúkọ náà túmọ̀ sí. Àwọn baba wọn sá fún Hólándì wọ kọ̀rọ̀ lọ gbàdúrà. Ẹ fẹ́ kí wọ́n wá torí èrè ìdókòwò kúrò níbẹ̀?

*

Ẹ máa bínú, mo tún padà wá. Mo ti sùn, mo jí, torí mo rí i pé ohun tó ń ṣe wọ́n gan-an ni mi ò tíì sọ.

Nǹkan bí éékà 28 ni ilẹ̀ àdúgbò náà. Àlùfáà méjì, ọ̀kan ará Faransé, ọ̀kan ará Pọ́túgà, ló sáré rẹ̀ títí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì fi yọ̀ǹda rẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1930, nígbà tí àwọn Kristang tálákà ń gbé káàkiri ìlú. Kí ló dé tó fi jẹ́ ibẹ̀? Torí òkun wà lẹ́nu ọ̀nà. Apẹja ni wọ́n. Àwọ̀n kan wà tí wọ́n ń pè ní *langgiang*: igi gígùn méjì tí àwọ̀n so pọ̀, ọkùnrin á dì í mú síwájú, á máa tì í nínú omi tó mù ún dé àyà, á máa fi kó edé wínníwínní. Edé yẹn, *geragau*, ni wọ́n ń fi iyọ̀ sí tó fi ń kan, tó ń di cincalok. Òun náà ni àwọn ará ìlú sọ di orúkọ ẹ̀gàn fún wọn, geragok.

Langgiang kì í rìn nínú ibú. Omi tí kò jìn, tó lọ gbọọrọ, ló ń fẹ́. Láti ọ̀pọ̀ ọdún ni wọ́n ti ń kó yẹ̀pẹ̀ dí òkun Melaka láti kọ́ hòtẹ́ẹ̀lì àti ilé gíga, títí dé iṣẹ́ ńlá tí wọ́n sọ ní Melaka Gateway, tí wọ́n ṣí ní 2014. Àwọn ará àdúgbò pariwo, wọ́n kọ̀wé, wọ́n gbé àkọlé sókè. Yẹ̀pẹ̀ ń wọlé. Ẹrẹ̀ ló gba ibi tí edé ti ń wá.

Ìdí nìyí tí ìṣirò ẹ̀jẹ̀ fi ń sú mi. Fífẹ́ ọmọ ìlú fún ọdún 500 ò pa Kristang, òun gan-an ló bí wọn. Hólándì ò pa wọ́n. Ẹ gba òkun lọ́wọ́ apẹja, àwọn ọmọ rẹ̀ á lọ sí Kuala Lumpur, á lọ sí Singapore, á lọ sí Ọsirélíà, ọ̀rọ̀ bíi langgiang ò ní ní ibi tí wọ́n ti máa lò ó mọ́.

*

Ọmọ de Souza ti fèsì, ó dúpẹ́, ó ní kí ni kí òun wá sọ fún àbúrò òun.

Kó padà lọ ní 29 June, ọjọ́ Festa San Pedro. Àlùfáà máa ń bù kún àwọn ọkọ̀ ojú omi tí wọ́n ti kùn, tí wọ́n ti fi bébà ṣe lọ́ṣọ̀ọ́. Tí kò bá lè dúró di ìgbà yẹn, kó lọ ní ọjọ́ Ìsinmi tó ṣáájú Ààwẹ̀ Lẹ́ńtì, ọjọ́ Intrudu, àmọ́ kó má wọ aṣọ tó fẹ́ràn, omi ni wọ́n ń dà síra wọn. Kó kí wọn pé *Teng bong?* Tí wọ́n bá ṣe é lóore, *mutu grandi merseh*. Kó má pè wọ́n ní geragok láéláé. Àwọn fúnra wọn lè fi ṣeré láàárín ara wọn, òun ò lè ṣe é.

Tó bá sì bá ẹni tó ń jẹ́ de Souza pàdé, kó sọ fún un pé bàbá àgbà òun l'Ékòó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀ náà. Mo lo orúkọ ọ̀rẹ́ mi kan báyìí lọ́jọ́ kan, Pinheiro. Wọ́n bi mí léèrè ọmọ mélòó ló ní, ṣé ó ń lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, kí ló dé tí kò tẹ̀ lé mi wá. Wọn ò gba owó kari lọ́wọ́ mi.